Lẹ́tà ṣíṣí sí àwọn olóòtú ayé àròsọ wa: ta ló bi àwọn ará ìlú kí wọ́n tó gòkè?

Ẹ̀yin àgbà olóòtú,

Mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, ẹ kú iṣẹ́ takuntakun tí ẹ ń ṣe lórí ìtàn tí a jọ ń kọ.

Ìpinnu tí ẹ fi ránṣẹ́ sí gbogbo àwa òǹkọ̀wé ayé yìí ló bí lẹ́tà yìí. Mo kọ ọ́ ní gbangba nítorí pé àwọn òǹkàwé tó ti ń bá wa bọ̀ láti ìwé kìn-ín-ní lẹ́tọ̀ọ́ láti mọ ohun tí a fẹ́ fi àwọn ènìyàn tí wọ́n fẹ́ràn ṣe. Ẹ ní ìwé tó ń bọ̀ ni yóò kádìí ìtàn. Ẹ ní fèrè kan yóò dún lórí òkè tó ga jù lọ, gbogbo ẹ̀dá láti orí òkè títí dé ìsàlẹ̀ ẹrẹ̀ iyọ̀ yóò di ọkàn kan lójú ẹsẹ̀, wọn yóò sì jọ gòkè lọ sí ìpele ìkẹyìn. Ní ti àwọn tí kò bá fẹ́, gbólóhùn kan péré lẹ fi yanjú ọ̀rọ̀ wọn: ọkàn wọn rọ̀, wọ́n sì dara pọ̀ mọ́ àwọn yòókù.

Gbólóhùn yẹn ni mo gbé wá síwájú yín.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣì mí gbọ́, èmi kò bá ìgòkè jà. Òun gan-an ló fà mí wọ inú ìtàn yìí. Nínú ọ̀pọ̀ ayé àròsọ, ẹnì kan ṣoṣo ni akọni: òun ni yóò bá iwin jà, òun ni yóò gba adé, àwọn yòókù á máa pàtẹ́wọ́. Ayé tiwa yàtọ̀. Níbí, kò sẹ́ni tó lè dá gòkè. Ẹni tó bá fẹ́ kúrò ní ìpele tó wà bọ́ sí òmíràn gbọ́dọ̀ ní agbo. Agbo yóò jókòó, wọn yóò máa kùn pọ̀ títí èémí wọn yóò fi dọ́gba, títí ohun tí ẹnì kan ń rí yóò fi di ohun tí gbogbo wọn ń rí. Ìgbà náà ni òkè yóò tó ṣí. N kò tíì rí èrò inú ìtàn àròsọ tó dùn mọ́ mi tó èyí, ìdí sì nìyẹn tí inú fi ń bí mi.

1. Òfin tí ẹ fọwọ́ ara yín kọ lẹ fẹ́ rú

Ìwé òfin ayé wa, èyí tí ẹ máa ń fún òǹkọ̀wé tuntun kó tó kọ ọ̀rọ̀ kan, sọ ohun mẹ́ta nípa agbo. Ẹni tó bá fẹ́ wọ agbo gbọ́dọ̀ dárúkọ ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, kò sí ẹni tó lè bá a dá a. Ẹnikẹ́ni tó bá fi àtẹ́lẹwọ́ kan ilẹ̀, agbo dúró nìyẹn, ì báà jẹ́ pé òkè ti ń ṣí lọ́wọ́. Ohun tí agbo bá sì rí lókè, wọ́n gbọ́dọ̀ sọ ọ́ kalẹ̀ fún àwọn tó wà nísàlẹ̀ kí wọ́n tó tún lè gòkè mìíràn.

Ẹ rántí ìwé kejì. Agbo àwọn alágbẹ̀dẹ jókòó láti àṣálẹ́ títí di àfẹ̀mọ́júmọ́. Òkè ti là, ìmọ́lẹ̀ ti ń wọlé, ni ẹni tó kéré jù láàárín wọn bá fọwọ́ kanlẹ̀. Ó ní òun ò tíì ṣetán. Kò sẹ́ni tó bá a wí. Wọ́n dìde, wọ́n gbọn ẹ̀wù wọn, wọ́n padà sídìí ẹwìrì. Ọ̀pọ̀ òǹkàwé ló kọ̀wé sí wa pé ibẹ̀ gan-an ni àwọn ti gbà pé ohun mímọ́ ni agbo, ibi tí kò ti gòkè yẹn.

A kì í fárí lẹ́yìn olórí. Ẹ̀yin wá fẹ́ fá orí odidi ayé lẹ́yìn àwọn tó ni ín.

Mo ti gbọ́ ìdáhùn tí àwọn kan nínú yín ń fọ̀. Wọ́n ní òfin agbo kéékèèké nìyẹn, pé ìgòkè gbogbo ayé ní òfin tirẹ̀. Níbo ni wọ́n kọ òfin tirẹ̀ yẹn sí? Bí ènìyàn mẹ́sàn-án bá fẹ́ da ọkàn wọn pọ̀, ẹ ní kí wọ́n kọ́kọ́ fẹnu ara wọn sọ ọ́. Bó bá wá kan àìmọye ènìyàn, tó jẹ́ pé kò tún sí ibi tí wọ́n lè padà sí, ẹ ní kò sídìí láti bi wọ́n. Ibi tí ewu ti pọ̀ ni mo rò pé ó yẹ kí òfin ti le.

2. Dídi ọ̀kan kì í ṣe píparẹ́

Ó wà nínú ìpinnu yín pé "èmi" gbọ́dọ̀ tán kí "àwa" tó lè wà. Ẹ kọ ọ́ bí ẹni pé ọ̀rọ̀ tí gbogbo ayé ti fẹnu kò lé lórí ni. Ó lé ní 800 ọdún tí àwọn ọ̀mọ̀wé ti ń jà lórí ohun yìí gan-an, ìjà náà ò sì tíì parí.

Ibn Rushd, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ Mùsùlùmí tí wọ́n bí ní Córdoba lọ́dún 1126, kọ́ni nínú àlàyé tó ṣe lórí iṣẹ́ Aristotle, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ ará Gíríìsì àtijọ́, pé òye tí ọmọ aráyé fi ń mọ ohun gbogbo, ọ̀kan ṣoṣo ni. Kì í ṣe pé oníkálukú ní tirẹ̀. Èrò tó lẹ́wà ni. Ẹni tó bá ń wá ìpìlẹ̀ fún ọkàn àjọní nínú ayé àròsọ, kò ní pàdánù bó bá ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ṣùgbọ́n lọ́dún 1270, Thomas Aquinas, àlùfáà Kátólíìkì tó jẹ́ onímọ̀ ìjìnlẹ̀, kọ odidi ìwé kan ní Paris láti fi ta ko àwọn tó ń tẹ̀ lé èrò náà. Ohun tó tẹ̀ mọ́ jù níbẹ̀ rọrùn débi pé ọmọdé lè béèrè rẹ̀: bí òye bá jẹ́ ọ̀kan fún gbogbo wa, báwo la ṣe fẹ́ tọ́ka sí ọkùnrin tó dúró níwájú wa yìí, ká ní òun ló lóye?

Ẹ wá fi ìbéèrè yẹn wo ìwé tí ẹ fẹ́ kọ. Fèrè dún, gbogbo wọn di ọ̀kan, òkè ṣí. Ta ló gòkè? Bí kò bá sí ẹnì kankan nínú ọkàn ńlá náà tó lè sọ pé "èmi ni mo wà nínú ẹrẹ̀ lánàá, èmi náà ni mo wà lókè lónìí," a jẹ́ pé àwọn ènìyàn wa kò gòkè rárá. Wọ́n kú ni, ohun mìíràn sì jókòó sáyè wọn. N kò sọ pé ìtàn ò lè parí bẹ́ẹ̀. Ìtàn ìbànújẹ́ ńlá ni yóò jẹ́, ó sì lè dùn kà. Àmọ́ ẹ jẹ́ kí òǹkàwé mọ̀ pé òkú ló ń sin. Ẹ má lù ú ní ìlù ayẹyẹ.

Àlùfáà Kátólíìkì kan láti ẹgbẹ́ Jesuit, tó jẹ́ ọmọ ilẹ̀ Faransé, Pierre Teilhard de Chardin, tó tún jẹ́ onímọ̀ nípa àwókù egungun ayé àtijọ́, fi èyí tó pọ̀ jù nínú ayé rẹ̀ ro ọ̀rọ̀ yìí. Ó gbà pé èrò ọmọ ènìyàn ń hun ara rẹ̀ pọ̀ yí ilẹ̀ ayé ká bí awọ kan, àti pé gbogbo rẹ̀ ń lọ pàdé níbì kan tó pè ní Omega. Àwọn aláṣẹ ìjọ rẹ̀ kò jẹ́ kó tẹ irú ìwé bẹ́ẹ̀ jáde nígbà ayé rẹ̀. Lẹ́yìn tó kú ní New York lọ́dún 1955 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jáde, nígbà tó sì di 1962, Vatican kìlọ̀ fún àwọn olùkọ́ pé kí wọ́n ṣọ́ra fún ohun tó wà nínú wọn. Bí ẹnì kan bá wà tí a lè retí pé yóò sọ pé ẹni kọ̀ọ̀kan yóò yọ́ sínú ohun ńlá, òun ni. Òdìkejì rẹ̀ ló sọ. Ó ní ìṣọ̀kan tó jẹ́ ojúlówó máa ń mú kí àwọn tó wà nínú rẹ̀ túbọ̀ yàtọ̀ síra wọn ni. Ẹni tó bá dara pọ̀ mọ́ àwọn mìíràn nínú ìfẹ́ yóò túbọ̀ di ara rẹ̀. Ọkùnrin tó gbàgbọ́ nínú ìgòkè àpapọ̀ ju gbogbo wa lọ, kò fojú kan ibi tí "èmi" ti gbọ́dọ̀ tán.

Ó tún kù. Ohun tí agbo wa ń ṣe, kíkùn pọ̀ àti mímí pọ̀, ó ní ojúlówó láyé yìí, bó tilẹ̀ kéré. Lọ́dún 2013, àwọn olùṣèwádìí ní Gothenburg, ní Sweden, gbé ohun èlò ka ìlù-kíkì àyà àwọn akọrin. Bí wọ́n ṣe ń kọrin pọ̀, tí wọ́n ń mí ní ibi kan náà nínú orin, ni àyà wọn ń yára pọ̀, tó sì ń rọra lù pọ̀. Ní abúlé San Pedro Manrique ní Spain, àwọn ènìyàn máa ń fi ẹsẹ̀ lásán rìn lórí ẹyin iná lálẹ́ ọjọ́ 23 oṣù kẹfà. Àwọn tó ṣèwádìí níbẹ̀ tẹ àbájáde wọn jáde ní 2011: bí àyà ẹni tó ń rìn lórí iná ṣe ń lù ni àyà àwọn ẹbí àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó jókòó ń wò ó ń lù. Ti àwọn àjèjì tó wá wòran kò bá tirẹ̀ lọ bẹ́ẹ̀.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dúró lórí èyí díẹ̀. Ibì kan náà ni gbogbo wọn wà. Iná kan náà ni wọ́n ń wò, ariwo kan náà ni wọ́n ń gbọ́. Ohun tó so àyà pọ̀ ni pé wọ́n mọ ara wọn. Fèrè tí ẹ fẹ́ fọn yóò dún sétí gbogbo àjèjì ayé wa, ẹ sì ní òun nìkan tó láti sọ wọ́n di ọ̀kan. Ìtàn tiwa fúnra wa kò gbà á gbọ́. Ìwé mẹ́rin la fi ń sọ pé àfi bí ènìyàn bá jọ jẹ, jọ mu, jọ jà, jọ parí ìjà, ni agbo rẹ̀ tó lè kùn.

3. Àwọn tí ẹ gbàgbé pé wọ́n wà

Èmi ni mo kọ àwọn ará ẹrẹ̀ iyọ̀. Ẹ gbà mí láàyè kí n sọ̀rọ̀ fún wọn, nítorí kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ fún wọn nígbà tí ẹ ń ṣèpàdé.

Atukọ̀ tó ń kó ènìyàn la ẹrẹ̀ kọjá, obìnrin adití ni. Láti ìwé kìn-ín-ní ló ti wà pẹ̀lú wa. Kò gbọ́ kíkùn rí. Nígbà tí agbo kan fẹ́ gbà á, wọ́n ní láti kọ́ bí wọ́n ṣe ń kùn sínú igi ọkọ̀, kó lè fi àtẹ́lẹsẹ̀ gbọ́ ọ. Orí mẹ́ta ló gbà wọ́n kí wọ́n tó mọ̀ ọ́n ṣe, àwọn ló sì yí padà, kì í ṣe òun. Báwo ni fèrè orí òkè yóò ṣe dé ọ̀dọ̀ rẹ̀? Ìpinnu yín kò dárúkọ rẹ̀. Bí ẹ bá ní ọkàn ńlá yóò ṣáà fà á mọ́ra bó gbọ́ bí kò gbọ́, a jẹ́ pé iṣẹ́ tí agbo yẹn ṣe nínú orí mẹ́ta já sí asán.

Àwọn ọmọ ọwọ́ ńkọ́? Ọmọ tí kò tíì mọ orúkọ ara rẹ̀, báwo ni yóò ṣe dá a lẹ́ẹ̀mẹta? Arúgbó tí iyè rẹ̀ ti ṣí, tó ń pe ọmọ rẹ̀ ní orúkọ àbúrò tó ti kú? Ẹni tó ń sùn lọ́wọ́ nígbà tí fèrè dún, tó lajú rí i pé òun ti di gbogbo ayé?

Ní ti àwọn tó kọ̀: àwọn ará ẹrẹ̀ iyọ̀ kò kọ agbo nítorí ẹ̀rù. Wọ́n ní ìdí, mo sì kọ ọ́ kalẹ̀, ẹ̀yin náà sì fọwọ́ sí i. Wọ́n gbà pé òkú wọn wà nínú iyọ̀ tí wọ́n ń rò, àti pé bí wọ́n bá gòkè, kò ní sí ẹni tí yóò máa pe àwọn òkú náà lórúkọ. Ẹ lè má gbà pẹ̀lú wọn. Èmi fúnra mi kò fi gbogbo ara gbà pẹ̀lú wọn. Ṣùgbọ́n ìdí ni, kì í ṣe àìsàn tí ọkàn tó "rọ̀" lè wò sàn. Nígbà tí ẹ kọ ọ́ pé ọkàn wọn rọ̀, ẹ kò dáhùn ọ̀rọ̀ wọn, ẹ kàn pa wọ́n lẹ́nu mọ́, ẹ wá ní kí òǹkàwé bá yín yọ̀.

4. Ọkàn àjọní tí kò lè jiyàn, òmùgọ̀ ni

Ohun tó mú mi sọ bẹ́ẹ̀ nìyí. Ẹ fẹ́ràn láti máa fi oyin ṣe àpẹẹrẹ agbo. Ó wà nínú ìwé òfin wa lóríṣiríṣi. Ó dáa, ẹ jẹ́ ká bi oyin léèrè.

Nígbà tí ọ̀wọ́ oyin bá kúrò nílé àtijọ́, tí wọ́n so mọ́ ẹ̀ka igi, àwọn amí ló ń jáde lọ wá ibùgbé tuntun. Martin Lindauer, onímọ̀ nípa oyin, ló kọ́kọ́ tú àṣírí yìí ní Jámánì lẹ́yìn ogun àgbáyé kejì, kí Thomas Seeley ní Amẹ́ríkà tó wá fi ọ̀pọ̀ ọdún tẹ̀ síwájú nínú rẹ̀. Amí kan yóò rí ihò igi kan, yóò padà wá jó o fún àwọn yòókù. Òmíràn yóò rí ibòmíràn, òun náà yóò jó tirẹ̀. Ẹni tí ibùgbé tó rí bá dáa ni yóò jó pẹ́ jù. Lọ́dún 2012, Seeley àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi hàn pé àwọn amí tó wà lẹ́yìn ibì kan a máa fi orí gbá àwọn tó ń jó fún ibòmíràn, wọn a sì ké tín-ín kan sí wọn lára pé kí wọ́n dákẹ́. Ìjà gidi ni! Ayaba wọn kì í sì dá sí i. Ìgbà tí amí tó wà níbì kan bá pọ̀ tó ni wọ́n ń padà lọ jí ọ̀wọ́ kí wọ́n tó fò. Wọn kì í dúró di ìgbà tí gbogbo amí bá fohùn ṣọ̀kan. Ṣùgbọ́n onírúurú amí ló ti jó ijó tirẹ̀ kí ibì kan tó borí.

Oyin tí ẹ ń fi ṣe àpẹẹrẹ ìgbọràn, àríyànjiyàn ni wọ́n fi ń rí ilé.

Ti ènìyàn náà wà níbẹ̀. Ní Yunifásítì Washington ní Seattle, lọ́dún 2013, olùṣèwádìí kan, Rajesh Rao, ro ó lọ́kàn pé òun fẹ́ tẹ bọ́tìnnì, ẹ̀rọ sì gbé àmì náà la íntánẹ́ẹ̀tì kọjá lọ sí ọpọlọ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, Andrea Stocco, nínú ilé mìíràn, ọwọ́ Stocco sì tẹ̀ ẹ́. Nígbà tó di 2019, àwọn àti ẹlẹgbẹ́ wọn tẹ àbájáde mìíràn jáde, níbi tí ọpọlọ mẹ́ta ti jọ ṣe eré kan lórí kọ̀ǹpútà. Àwọn méjì ń rí gbogbo ojú eré, wọ́n ń fi ọpọlọ ránṣẹ́ bóyá kí wọ́n yí búlọ́ọ̀kù tó ń já bọ̀ tàbí kí wọ́n fi sílẹ̀. Ẹni kẹta kò rí ìsàlẹ̀, òun ló sì ń pinnu. Ní ìpíndọ́gba, ìpinnu tó tọ̀nà jẹ́ 81.25 nínú ọgọ́rùn-ún. Ibi tó wú mi lórí ni pé àwọn olùṣèwádìí mọ̀ọ́mọ̀ da àmì ọ̀kan nínú àwọn méjì náà rú. Ẹni kẹta sì bẹ̀rẹ̀ sí í mọ̀, láti inú àmì tó ń wọ ọpọlọ rẹ̀ nìkan, ta ló yẹ kóun gbà gbọ́.

Agbo kékeré tí ọmọ ènìyàn fọwọ́ ṣe nìyí, ẹni tó ń dájọ́ sì ṣì wà nínú rẹ̀. Ẹ yọ adájọ́ yẹn kúrò, irọ́ tí ọ̀kan bá pa yóò di ohun tí gbogbo wọn mọ̀.

Gbogbo alángbá ló da ikùn délẹ̀, a ò mọ èyí tí inú ń run. Ohun tó jẹ́ kí agbo wa dùn gan-an nìyẹn: níbẹ̀, a lè mọ̀. Nínú agbo, inú rírun ẹnì kan a máa kan gbogbo wọn, wọn a sì dúró tọ́jú rẹ̀. Nínú ìgòkè tí ẹ fẹ́ kọ, ẹni tí inú ń run ni wọ́n máa sọ fún pé inú kò run ún.

5. Ta ló mú fèrè lọ́wọ́?

N kò ní pẹ́ lórí èyí, nítorí kò gba ẹ̀fẹ̀. Ní oṣù kẹta ọdún 1997, ènìyàn 39 ni wọ́n bá ní òkú nínú ilé kan ní Rancho Santa Fe ní California. Marshall Applewhite, aṣáájú wọn, wà lára wọn. Wọ́n gbà pé àwọn ń bọ́ ara sílẹ̀ láti jọ gòkè lọ sínú ọkọ̀ kan tó ń tẹ̀ lé ìràwọ̀ onírù Hale-Bopp. Ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n ti fi jọ ń gbé, tí wọ́n ń wọ aṣọ kan náà, tí wọ́n gba orúkọ tuntun, tí ẹnì kan ṣoṣo sì ń sọ ohun tí gbogbo wọn gbọ́dọ̀ rò.

Ìtàn àròsọ la ń kọ, mo mọ̀. N kò sọ pé ẹni tó bá ka ìwé wa yóò lọ ṣe ohun burúkú. Ohun tí mò ń sọ ni pé àwọn tó ń kà wá mọ ìyàtọ̀ láàárín agbo tó ní ilẹ̀kùn àti èyí tí kò ní, nítorí pé àwọn kan láyé ti rí èyí tí kò ní ilẹ̀kùn. Ẹni tí ẹ gbé fèrè fún, babaláwo yìnyín, ni ẹnì kan ṣoṣo láyé wa tí kò wọ agbo rí. Ẹ wo ohun tí ẹ kọ! Ẹni tí kò jẹ́ kí ọkàn ẹlòmíràn kan tirẹ̀ rí ni yóò pinnu ọjọ́ tí gbogbo ọkàn máa di ọ̀kan. Bí ẹ bá mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é kí òǹkàwé lè fura, ó dáa, ẹ jẹ́ kí àwọn ènìyàn inú ìtàn náà fura. Nínú ìlànà tí mo rí, kò sẹ́ni tó fura.

6. Ìròyìn tí kò ní sọ̀ kalẹ̀

Òfin kẹta ní kí wọ́n máa sọ ohun tí wọ́n rí lókè kalẹ̀. Bí gbogbo ayé bá lọ, ta ni wọ́n máa sọ ọ́ fún? Ẹ̀yin òǹkọ̀wé ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ tún rò ó nínú ọ̀rọ̀ iṣẹ́ wa lásán: ọkàn kan ṣoṣo kò ní ẹni tí yóò bá sọ̀rọ̀. Kò sí ìfọ̀rọ̀wérọ̀, kò sí àṣírí, kò sí ẹni tó ń dúró de ẹnikẹ́ni lẹ́nu ọ̀nà. Ojú ìwé mélòó ni ẹ rò pé a lè fi kọ ìyẹn?

Ohun tí mò ń béèrè

Ẹ yọ gbólóhùn tó ní ọkàn àwọn tó kọ̀ rọ̀. Èyí kò ní àdéhùn nínú.

Ẹ dá dídárúkọ padà. Bí ìgòkè gbogbo ayé bá máa wáyé, kó jẹ́ agbo lẹ́yìn agbo, kí ẹni kọ̀ọ̀kan dárúkọ ara rẹ̀ lọ́nà tó lè gbà dá a: pẹ̀lú ẹnu, pẹ̀lú ọwọ́, pẹ̀lú àtẹ́lẹsẹ̀ lórí igi ọkọ̀. Bí ìyẹn bá máa sọ ìwé kan di méjì, kó di méjì. Ọmọ ọwọ́ àti ẹni tí iyè rẹ̀ ti ṣí, kí ẹnikẹ́ni má gbà fún wọn. Ẹni tó bá fẹ́ràn wọn ni kó pinnu bóyá òun yóò dúró tì wọ́n. Ìpinnu yẹn gan-an ní ìtàn nínú ju fèrè lọ.

Ẹ jẹ́ kí ọwọ́ kíkàn ilẹ̀ ṣì lágbára títí dé ìpele ìkẹyìn. Mo fẹ́ kí ẹnì kan ó kéré tán fọwọ́ kanlẹ̀ nígbà tí òkè ti ṣí tán, kí a sì rí ohun tí àwọn yòókù máa ṣe.

Ẹ jẹ́ kí ọkàn àjọní náà ní ohùn tó ju ẹyọ kan lọ nínú. Nígbà tí ẹ bá ń kọ ọ́, ẹ kọ iyàn rẹ̀.

Ẹ fi àwọn ará ẹrẹ̀ iyọ̀ sílẹ̀ nísàlẹ̀ bí wọ́n bá fẹ́ bẹ́ẹ̀, kí àwọn tó gòkè sì máa bá wọn sọ̀rọ̀. Wọn kì í ṣe ẹni ìkẹ́yìn tí a gbàgbé sẹ́yìn; àwọn ni òfin kẹta ń wá.

Bí ẹ bá sì fẹ́ kọ ọ́ bí ẹ ṣe ní in lọ́kàn, tí ẹ gbà pé ikú ni, ẹ kọ ọ́ bí ikú. Ẹ fún àwọn tó ń kú ní àyè láti dágbére. N ó bá yín kọ ọ́.

Ní báyìí, mo ti dá àwọn orí tó kàn mí nínú ìwé tó ń bọ̀ dúró. Nínú àdéhùn tí a jọ fọwọ́ sí, ẹni tó dá àwọn ènìyàn kan sílẹ̀ nínú ayé yìí ló ní ọ̀rọ̀ ìkẹyìn lórí bí wọ́n ṣe máa kú tàbí bí wọ́n ṣe máa kúrò nínú ìtàn. N kò fọwọ́ sí i pé kí fèrè yẹn mú atukọ̀ adití náà, tàbí ẹnikẹ́ni láti inú ẹrẹ̀ iyọ̀. Bí ẹ bá fẹ́ pe ìpàdé, ẹ pè é níwájú gbogbo òǹkọ̀wé, kí ẹ sì mú ìwé òfin lọ́wọ́ wá.

Èmi ni tiyín nínú iṣẹ́,
òǹkọ̀wé àwọn ará ẹrẹ̀ iyọ̀